Ohùn Jim Reeves Wà Nílé Wa, Ti Ìyá Mi Dà?

Bí oṣù Disẹ́ńbà bá ti wọlé, tí ọyẹ́ bẹ̀rẹ̀ sí í la ènìyàn ní ètè, ohùn ọkùnrin kan wà tí kì í ṣàì dé sí Abẹ́òkúta. Bí ẹ bá ń ti Ìbarà bọ̀ wá sí Ìtòkú, ẹ ó gbọ́ ọ ní ṣọ́ọ̀bù àwọn tí ń ta aṣọ. Bí ẹ bá wọ ọkọ̀ ní Láfẹ́nwá, dẹ́rẹ́bà á ti tẹ̀ ẹ́ sílẹ̀. Ohùn náà kì í pariwo. Ó ń rọra sọ̀ kalẹ̀ bí ohùn àgbàlagbà tó ń ba ọmọdé sọ̀rọ̀ kí ó lè sùn. Jim Reeves ni orúkọ ẹni tó ni ín. Òyìnbó Amẹ́ríkà ni, ó sì ti fi ayé sílẹ̀ láti ọdún 1964.

Àwo rẹ̀ kan ni mo fẹ́ sọ̀rọ̀ lé lórí lónìí, èyí tí ọ̀pọ̀ nínú wa mọ̀ ju àwọn yòókù lọ. Twelve Songs of Christmas ni wọ́n pe àwo náà, ilé iṣẹ́ RCA Victor ló sì gbé e jáde ní 1963. Ṣùgbọ́n kì í ṣe ìyìn nìkan ni mo bá wá. Mo ní ẹ̀sùn kan tí mo fẹ́ fi kan ara mi lójú gbogbo yín, nítorí àwo yìí kan náà ni mo fi ba ohun kan jẹ́ nílé wa, ohun tí n kò lè tún ṣe mọ́ láéláé. Ẹ fara balẹ̀ gbọ́ mi.

BÍ ÀWO NÁÀ ṢE WỌ ILÉ WA

Tíṣà ni bàbá mi. Ìyá mi ń ṣe adìrẹ, ó sì ń tà á ní Ìtòkú. Ní 1969, nígbà tí ogun abẹ́lé kò tí ì parí, bàbá mi ti Èkó dé nígbà tí Kérésìmesì ku ọ̀sẹ̀ kan. Ó gbé páálí kan lọ́wọ́ ọ̀tún, ó há àwo kan sí abíyá òsì. Gírámafóònù kékeré oníbátìrì ló wà nínú páálí náà. Owó tí òun àti ìyá mi jọ fi pamọ́ láti fi ra aṣọ funfun, èyí tí ìyá mi yóò fi ṣe adìrẹ ọdún tuntun, ni bàbá mi mú nínú rẹ̀. Kò sì bi ìyá mi léèrè kó tó mú un.

Ẹ̀yin oníṣòwò mọ ohun tí èyí jẹ́. Ẹni tí kò bá rí aṣọ funfun rà ní Disẹ́ńbà, kí ni yóò rẹ sínú aró bí ọdún bá yí? Ìyá mi kò pariwo. Ó kàn ní, “Tíṣà, ẹ kú ìrìn,” ó sì bọ́ sẹ́yìnkùlé lọ sídìí ìkòkò aró rẹ̀. Odindi ọjọ́ mẹ́ta ni kò fi bá bàbá mi sọ ju “ẹ káàárọ̀” àti “oúnjẹ ti délẹ̀” lọ.

Nígbà tó di ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kẹrin, bàbá mi gbé gírámafóònù náà sí ojú fèrèsé tó kọjú sí ẹ̀yìnkùlé, ó sì gbé abẹ́rẹ́ lé àwo. Ìyá mi ń fi ìyẹ́ adìyẹ ya ẹ̀kọ sára aṣọ lọ́wọ́. Ó ń yà á lọ, kò gbójú sókè. Nígbà tó ṣe, ọwọ́ rẹ̀ dúró. Ó ní, “Tíṣà, ta ni ọkùnrin tó ń sọ̀rọ̀ bí ẹni tó jókòó tì mí yìí?”

Bàbá mi ní, “Jim Reeves ni.”

Ìyá mi ní, “Ṣé ó mọ̀ pé owó aṣọ mi ni wọ́n fi rà á?”

Ni gbogbo wa bá bú sẹ́rìn-ín. Bí ìjà náà ṣe tán nìyẹn.

OHUN TÓ WÀ NÍNÚ ÀWO NÁÀ

Orin méjìlá ló wà níbẹ̀, mẹ́fà lójú kìn-ín-ní, mẹ́fà lójú kejì. Orin fàájì ọdún ló kún ojú kìn-ín-ní. Jingle Bells ló bẹ̀rẹ̀ rẹ̀, White Christmas ló parí rẹ̀. Blue Christmas wà láàárín wọn, orin ẹni tí olólùfẹ́ rẹ̀ kò sí nítòsí lọ́jọ́ ọdún. Ojú kejì ni orin ìjọ pọ̀ sí: O Little Town of Bethlehem, O Come All Ye Faithful, àti Silent Night tó kádìí gbogbo rẹ̀.

Bàbá mi kò gbà kí a fi ojú kìn-ín-ní kọrin lọ́jọ́ Ìsinmi. Ó ní Jingle Bells kì í ṣe orin ìjọ, pé orin àwọn tí ẹṣin ń wọ́ kiri lórí yìnyín ni. Àwa ọmọdé kò sì mọ yìnyín mìíràn ju èyí tí ń bá òjò bọ́ lọ, ṣùgbọ́n à ń kọ ọ́ bí ẹni pé inú rẹ̀ ni wọ́n bí wa sí.

Ìbéèrè tí ìyá mi bi bàbá mi lọ́jọ́ náà kì í ṣe ìbéèrè òmùgọ̀. Ìdí wà tí ohùn náà fi dà bí ti ẹni tó jókòó tì wá. Orin àwọn ará oko Amẹ́ríkà, tí wọ́n ń pè ní kọ́ńtìrì, ló ń kọ. Lẹ́nu ìgbà ìṣáájú, gòjé àti gìtá tí wọ́n ń fi irin yọ́ lórí okùn ló kún inú orin náà, akọrin a sì máa ké tantan. Jim Reeves náà ké nínú àwọn àwo rẹ̀ àkọ́kọ́. Ṣùgbọ́n nígbà tó fẹ́ kọ Four Walls ní 1957, ó sún mọ́ máíkì tó bẹ́ẹ̀ tí ètè rẹ̀ fẹ́rẹ̀ẹ́ kàn án, ó sì rẹ ohùn sílẹ̀. Chet Atkins, ògbólógbòó onígìtá tó ń bójú tó gbígba orin sílẹ̀ fún RCA ní ìlú Nashville, fọwọ́ sí i. Ó wà lára àwọn tó dín gòjé àti gìtá onírin kù, tí wọ́n fi dùùrù àti àwọn ẹlẹ́gbè olóhùn jẹ́jẹ́ rọ́pò wọn. He'll Have to Go, tí Jim Reeves kọ lọ́nà yìí ní 1959, lo ọ̀sẹ̀ 14 ní ipò kìn-ín-ní láàárín orin kọ́ńtìrì ní Amẹ́ríkà. Irú ohùn bẹ́ẹ̀ náà ló fi kọ àwo Kérésìmesì.

TA NI JIM REEVES?

Ọmọ àgbẹ̀ ni. Ní Galloway, ní ìpínlẹ̀ Texas, ni wọ́n bí i sí ní ọjọ́ 20 oṣù August, 1923. Bàbá rẹ̀ kú nígbà tó wà lọ́mọ ọwọ́, ìyá rẹ̀ ló sì fi iṣẹ́ oko tọ́ òun àti àwọn ẹ̀gbọ́n rẹ̀. Kò pète àtidi akọrin lákọ̀ọ́kọ́. Bésíbọ́ọ̀lù, eré bọ́ọ̀lù tí àwọn ará Amẹ́ríkà ń fi igi gbá, ló fi ṣe iṣẹ́, kó tó di pé ó fara pa tí ọ̀nà náà sì dí mọ́ ọn. Ló bá di ẹni tí ń sọ̀rọ̀ lórí rédíò ní Louisiana. Iṣẹ́ rédíò ló kọ́ ọ bí a ṣe ń pe ọ̀rọ̀ tí etí ẹni tó wà lọ́nà jíjìn yóò fi gbọ́ ọ yékéyéké. Ní 1953 ni orin rẹ̀ tí wọ́n ń pè ní Mexican Joe gbé orúkọ rẹ̀ jáde, ní 1955 ó lọ sí ilé iṣẹ́ RCA. Ẹ ò rí i pé bí ilẹ̀kùn kan bá tì, òmíràn lè ṣí?

KÍ LÓ DÉ TÍ A FI FẸ́RÀN RẸ̀?

Kì í ṣe àwa nìkan. Wọ́n fẹ́ràn rẹ̀ ní Íńdíà, ní Sri Lanka, ní Norway àti ní Gúúsù Áfíríkà tó ti lọ kọrin tó sì ṣe sinimá. Ṣùgbọ́n mo gbà pé ó ní bí ó ṣe rí ní ti Abẹ́òkúta.

Èkíní, ọ̀rọ̀ ẹnu rẹ̀ mọ́. Bàbá mi a máa gbé gírámafóònù lọ sí kíláàsì rẹ̀ ní ọ̀sẹ̀ tí ilé ẹ̀kọ́ bá fẹ́ gba ìsinmi. Á ní kí àwọn ọmọ kọ ohun tí wọ́n bá gbọ́ sílẹ̀, ẹni tó bá sì kọ ọ́ tọ̀nà jù lọ á gba pẹ́ńsù. Ẹ̀yin tíṣà, ẹ ó mọ̀ pé orin òyìnbó tí a lè fi ṣe irú ẹ̀kọ́ bẹ́ẹ̀ kò pọ̀.

Èkejì, ìlú orin ìjọ ni ìlú wa. Láti ìgbà tí Henry Townsend ti kọ́kọ́ dé sí Abẹ́òkúta ní 1843 ni orin ìjọ ti ń dún lábẹ́ Olúmọ. Ọmọ ìlú wa kan sì ti gbé irú orin bẹ́ẹ̀ sórí àwo kí wọ́n tó bí Jim Reeves tàbí nígbà tó wà lọ́mọdé: Àlùfáà Josiah Jesse Ransome-Kuti, bàbá bàbá Fẹlá. Abẹ́òkúta ni wọ́n ti bí i ní 1855. Ní àwọn ọdún 1920 ó bá ọkọ̀ ojú omi lọ sí Lọ́ńdọ̀nù, ó sì kọ orin ìjọ tó lé ní ogójì ní èdè Yorùbá fún ilé iṣẹ́ Zonophone. Ó kú ní 1930. Ní òní yìí, ẹni tó bá fẹ́ gbọ́ bí ohùn rẹ̀ ṣe rí lè gbọ́ ọ, nítorí pé ó wọ inú yàrá kan ní Lọ́ńdọ̀nù, ó sì kọrin sẹ́nu ẹ̀rọ.

Ẹ̀kẹta, àwa náà kò jókòó lásán. A mú nínú orin wọn kún tiwa. Gìtá onírin tí Chet Atkins ń dín kù ní Nashville, Ọba orin jùjú, Sunny Adé, gbé e wọ inú ẹgbẹ́ tirẹ̀, Dèmọ́lá Adépọ̀jù ló ń tẹ̀ ẹ́. Ó wà nínú àwo Juju Music tó jáde ní 1982, tó sì gbé jùjú lọ sí Yúróòpù àti Amẹ́ríkà.

Ìyá mi náà mú nínú rẹ̀. Ibẹ̀ ni ọ̀rọ̀ mi ti dé ojú ibi tó ń dùn mí.

Ẹ̀ṢẸ̀ TÍ MO ṢẸ̀

Ìyá mi kò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì. Ṣùgbọ́n kí ọdún kan tó pé tí àwo náà wọ ilé wa, ó ti gba ohùn orin mẹ́rin tàbí márùn-ún nínú rẹ̀, ó sì ti fi Yorùbá tirẹ̀ sí i. Ó fi ọ̀kan bú ẹni tó ra adìrẹ láwìn tó sì gba ẹ̀yìn ọjà lọ. Ó fi òmíràn kí aró rẹ̀ pé kí ó má bàjẹ́. Lórí wọn ló tún wá ní orin àwọn aláró tó bá lọ́wọ́ ìyá tirẹ̀, àti oríkì ilé wọn láti ìgbà tí àwọn Ẹ̀gbá ti wá tẹ̀dó sábẹ́ Olúmọ ní 1830. Kò kọ ọ̀kankan sílẹ̀. Orí ló fi gbé gbogbo rẹ̀.

Ní 1979, bàbá mi yá ẹ̀rọ agbohùnsílẹ̀ kan, ó ra kásẹ́ẹ̀tì tuntun, ó sì bẹ ìyá mi kó kọ gbogbo rẹ̀ sí i. Ìyá mi kọrin títí ojú kan kásẹ́ẹ̀tì náà fi fẹ́rẹ̀ẹ́ kún. Bàbá mi fi bíírò kọ “Ìyá” sára rẹ̀, ó jù ú sínú dúrọ́ọ̀ tábìlì. Kò ṣẹ́ ike pẹlẹbẹ kékeré méjì tó wà lẹ́yìn kásẹ́ẹ̀tì náà. Ẹ̀yin tí ẹ lo kásẹ́ẹ̀tì rí mọ̀ pé bí a bá ṣẹ́ wọn, ẹ̀rọ kò ní lè gba nǹkan mìíràn lé ohun tó wà níbẹ̀.

Nígbà tó di 1984, àwo Jim Reeves tiwa ti bàjẹ́. Wọ́n gbàgbé rẹ̀ sínú oòrùn, ó sì ká bí etí ìkòkò. Ọ̀rẹ́ mi kan ní Ìbarà ní irú rẹ̀, ó sì ní ẹ̀rọ tó lè ṣe é láti inú àwo sínú kásẹ́ẹ̀tì. Ó ku ọjọ́ méjì sí Kérésìmesì. Mo ń kánjú, mo fa dúrọ́ọ̀ yọ, mo mú kásẹ́ẹ̀tì tí ọwọ́ mi kọ́kọ́ bà. Bíírò ara rẹ̀ ti ṣá. N kò yẹ̀ ẹ́ wò. Mo gba gbogbo orin inú àwo náà sí ojú kan rẹ̀, àfi orin kan tí abẹ́rẹ́ ń há nínú rẹ̀ tí mo fò.

Lówùúrọ̀ ọjọ́ Kérésìmesì, a fi í sẹ́nu ẹ̀rọ. Gbogbo ilé ń jó. Silent Night parí, ó dákẹ́ díẹ̀, ni a bá gbọ́ ohùn obìnrin kan tó sọ pé, “Tíṣà, ó tó, ẹ̀kọ mi ń gbẹ.” Kásẹ́ẹ̀tì sì tán.

Ìyá mi ni. Ohun tó kù nínú gbogbo orin rẹ̀ nìyẹn. Jim Reeves ni mo fi pa ìyókù rẹ́. Èyí tó sì ń jẹ mí lọ́kàn jù lọ títí di òní ni pé ojú kejì kásẹ́ẹ̀tì náà ṣófo pátápátá. Bí mo bá ti kàn yí i padà ni, àwọn méjèèjì ì bá wà.

Bàbá mi jáde kúrò nínú yàrá. Ìyá mi ló rẹ̀ mí lẹ́kún. Ó ní, “Kò burú. Ṣé mo ti kú ni? N ó tún un kọ.” A ní a ó ṣe é lẹ́yìn ọdún. Lẹ́yìn ọdún, a ní kí ọjà rọlẹ̀. Nígbà tí ọjà rọlẹ̀, ẹ̀rọ bàjẹ́. Ní 1991, nígbà ọyẹ́, ìyá mi lọ bá àwọn ìyá rẹ̀. A kò tún un kọ.

OHUN TÍ ÌYÀWÓ RẸ̀ ṢE

Ní ọjọ́ 31 oṣù July, 1964, Jim Reeves fúnra rẹ̀ ló ń wa ọkọ̀ òfuurufú kékeré rẹ̀ padà sí Nashville. Dean Manuel, ẹni tó ń tẹ dùùrù fún un, ló wà pẹ̀lú rẹ̀. Òjò líle ká wọn mọ́ òkè, ọkọ̀ náà sì já wọ inú igbó. Ọjọ́ méjì ni wọ́n fi wá wọn kí wọ́n tó rí òkú wọn. Jim Reeves kò tí ì pé ọmọ ọdún 41.

Ṣùgbọ́n Mary, ìyàwó rẹ̀, kò jẹ́ kí ohùn náà bá a wọlẹ̀. Gbogbo ohun tí ọkọ rẹ̀ ti kọ sílẹ̀ ló ṣọ́ lójú méjèèjì, títí dé orí èyí tí kò tí ì jáde rárá. Ní ọdún dé ọdún, òun àti RCA ń yọ wọ́n jáde díẹ̀díẹ̀. Distant Drums gba ipò kìn-ín-ní ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ní 1966, nígbà tí ẹni tó kọ ọ́ ti lo ọdún méjì nínú ibojì. Èyí tó wá ya ènìyàn lẹ́nu jù ni ti 1981. Wọ́n mú ohùn Jim Reeves àti ti Patsy Cline, akọrin obìnrin tí ọkọ̀ òfuurufú pa òun náà ní 1963, wọ́n sì pa á pọ̀ nínú orin kan ṣoṣo, Have You Ever Been Lonely. Òkú méjì ń jọ kọrin, àwọn alààyè sì ń ra àwo wọn. Ìtọ́jú ló mú kó ṣeé ṣe.

Nílé wa níbí náà, Àyìnlá Ọmọwúrà ará Ìtọ́kò rí irú oore yìí gbà. Ìjà kan ló gba ẹ̀mí rẹ̀ ní Abẹ́òkúta ní ọjọ́ 6 oṣù May, 1980. Ṣùgbọ́n ilé iṣẹ́ EMI ti gba ohùn rẹ̀ sílẹ̀, nígbà tí Túndé Kèlání sì ṣe sinimá nípa rẹ̀ ní 2021, àpàlà rẹ̀ wà níbẹ̀ tí àwọn ọmọ tí kò bá a láyé fi gbọ́ ọ.

Ta ni ilé iṣẹ́ ìyá tèmi àti tiyín? Àwa ni. Kò sí ẹlòmíràn.

ÌMỌ̀RÀN MI

Mo bẹ̀ yín, ẹ má ṣe bíi tèmi. Fóònù tó wà lápò yín lè ṣe ohun tí Ransome-Kuti gun ọkọ̀ ojú omi lọ ṣe ní Lọ́ńdọ̀nù. Ẹ jókòó ti àwọn àgbà yín. Ẹ pa jẹnẹrétọ̀ àti fáànù. Ẹ gbé fóònù náà sún mọ́ ẹnu wọn, gẹ́gẹ́ bí Jim Reeves ṣe sún mọ́ máíkì, nítorí ohùn tó jìnnà kì í mọ́. Ẹ kọ́kọ́ sọ orúkọ ẹni náà, ọjọ́ náà àti ibi tí ẹ wà. Ẹ má bẹ̀ wọ́n pé kí wọ́n kọ ọ́ bíi ti olórin. Bí wọ́n ṣe ń kọ ọ́ nídìí iṣẹ́ wọn ni kí wọ́n kọ ọ́. Bí ẹ bá ti ṣe tán, ẹ fi ránṣẹ́ sí ọmọ méjì tàbí mẹ́ta tó ń gbé níbi ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀, nítorí fóònù a máa sọnù, a sì máa bọ́ sómi.

Ẹ̀yin tíṣà, ẹ fi ṣe iṣẹ́ àṣetiléwá. Kí ọmọ kọ̀ọ̀kan gba orin kan sílẹ̀ lẹ́nu ìyá àgbà rẹ̀, kí ó sì kọ ọ̀rọ̀ rẹ̀ sínú ìwé. Ẹ̀yin ìyá ọjà, bí ọmọ yín bá gbé fóònù wá, ẹ má lé e sẹ́yìn. Ẹ fi ọjà sílẹ̀ fún ìṣẹ́jú díẹ̀.

Kásẹ́ẹ̀tì náà ṣì wà lọ́wọ́ mi. Mo ti ṣe é sínú fóònù, àwọn ọmọ mi sì ní i. Lọ́jọ́ Kérésìmesì tó ń bọ̀, a ó tún tẹ̀ ẹ́. Jim Reeves yóò kọ gbogbo orin rẹ̀, n kò sì bínú sí i, nítorí kò ṣẹ̀ mí. Ṣùgbọ́n nígbà tí Silent Night bá parí, ẹnikẹ́ni nínú ilé wa kò ní dìde. Gbogbo wa ni yóò dúró gbọ́ ẹni tó ni owó aṣọ.